Ilé Tí Ládòkun Rò Pé Òun Ti San Tán

Bí ẹ bá dé Ìsẹ́yìn láyé ìgbà kan, tí ẹ ní kí wọ́n júwe ilé Ládòkun ahunṣọ fún yín, wọn yóò kọ́kọ́ wò yín láti òkè dé ilẹ̀, wọn yóò sì bi yín pé, "Ṣé kò sí o? Ṣé ẹ ò jẹ ẹ́ ní nǹkan?" Ọwọ́ ọkùnrin náà ni wọ́n ń bẹ̀rù. Ọwọ́ tí ó mọ aṣọ òkè hun débi pé àwọn ìyàwó ojú ọ̀nà ń ti Èkó wá bá a, òun kan náà ni ó fi fọ́ imú ọlọ́kadà tí ó gun orí òwú rẹ̀ kọjá. Òun ni ó fi la igi mọ́ ẹ̀gbọ́n ìyàwó rẹ̀ lórí lọ́jọ́ ìsọmọlórúkọ, tí oúnjẹ ọjọ́ náà fi di ti àwọn ajá.

Kì í ṣe pé kì í lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì o. Ó ń lọ. Lọ́dọọdún, bí ìkórè bá dé, owó tí Ládòkun bá dá máa ń mú kí àlùfáà pe orúkọ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Ó ti gbà nínú ọkàn rẹ̀ pé òun àti Ọlọ́run kò jẹ ara àwọn ní nǹkan kan. Òun ń mú ti Ọlọ́run wá, kí Ọlọ́run náà má tojú bọ ọ̀rọ̀ òun.

Ilé tí yóò jẹ́ tirẹ̀ ni ó jẹ ẹ́ lógún jù láyé, ó sì nídìí. Nígbà tí ó wà ní ọmọ ọdún mẹ́wàá ní Ìlúà, onílé kó ẹrù bàbá rẹ̀ síta nínú òjò. Ó ti bàbá náà ṣubú sínú ẹrẹ̀ lójú àwọn ọmọ rẹ̀, ó sì fi bàtà tẹ̀ ẹ́ lọ́rùn. Láti ọjọ́ náà ni Ládòkun ti búra pé ẹni tí yóò bá kó ẹrù òun síta láyé yìí, òun ni yóò kọ́kọ́ tú ìfun olúwarẹ̀ síta.

Ní nǹkan bí ọdún mẹ́wàá sẹ́yìn, báńkì kan tí ń yáni lówó kọ́lé rán òṣìṣẹ́ rẹ̀ wá sí ìlú náà. Adétúnjí ni orúkọ rẹ̀, ọmọ Ìpapó ni, ọ̀dọ́kùnrin tí ó máa ń dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ kí ó tó sọ̀rọ̀. Ilé oníyàrá mẹ́ta kan wà lójú ọ̀nà Adó-Àwáyè tí wọ́n ti kọ́ tán, mílíọ̀nù mẹ́rin náírà ni owó rẹ̀. Báńkì yóò san owó náà fún ẹni tí ó kọ́ ọ, Ládòkun yóò kó wọlé, yóò sì máa san ẹgbẹ̀rún méjìlélọ́gọ́ta fún báńkì lóṣooṣù fún ogún ọdún. Ilé náà ni wọn yóò fi dógò títí owó wọn yóò fi pé.

Ìbéèrè kan ṣoṣo ni Ládòkun bi ọmọ náà. "Èló lóṣù?"

Nígbà tí wọ́n dá a lóhùn, ó rí i pé agbára òun ká a, ó sì mú bírò.

Ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan wà pẹ̀lú rẹ̀ lọ́jọ́ náà, Oyèlékè. Abẹ́ ọ̀gá kan náà ni wọ́n ti kọ́ṣẹ́ aṣọ híhun láti kékeré. Oyèlékè lọ kàwé lẹ́yìn náà, ó sì di olùkọ́ ìṣirò ní ilé ẹ̀kọ́ girama, ṣùgbọ́n kò fi òfì sílẹ̀. Bí ó bá ti ilé ẹ̀kọ́ dé, á jókòó sídìí rẹ̀, á máa hun aṣọ, á sì máa kọ orin ìyìn. Ẹni tí ó mọ Jésù ni.

"Ládòkun, má tíì tọwọ́ bọ̀wé," ni Oyèlékè wí. "Bi wọ́n pé bí ogún ọdún bá pé, èló ni gbogbo owó tí wàá ti san."

"Kí ni mo fẹ́ bi wọ́n? Àwìn náà ni. Ṣé èmi àtìẹ ò gba òwú láwìn rí ni?"

Àṣìṣe rẹ̀ nìyẹn, ọmọ ìdí òfì nìkan ni ó sì lè ṣe irú rẹ̀. Ní Ìsẹ́yìn, bí ahunṣọ kò bá lówó lọ́wọ́, olówùú yóò gbé òwú fún un láwìn, yóò sì fi èrè lé e lẹ́ẹ̀kan. Òwú ogún ẹgbẹ̀rún, mú mẹ́tàlélógún wá. Ó pẹ́ ni o, ó yá ni o, mẹ́tàlélógún náà ni. Ọjọ́ tí o bá san án tán, olówùú yóò fi ọwọ́ nu orúkọ rẹ kúrò lára pátákó, ẹ ó sì jọ rẹ́rìn-ín. Báyìí ni Ládòkun ṣe ṣírò ilé. Mílíọ̀nù mẹ́rin ni wọ́n yá a, kí àwọn náà jẹ ìdajì mílíọ̀nù lérè, ó di mẹ́rin ààbọ̀, ó parí. Ogún ọdún tí wọ́n kọ sínú ìwé, ó rò pé ti ọ̀lẹ ni. Adétúnjí kò sì là á lóye, nítorí àwọn tí báńkì rán níṣẹ́ kì í sọ ohun tí a kò bi wọ́n.

Oyèlékè na ọwọ́ sí ìwé náà pé kí òun bá a kà á. Ládòkun rò pé ìlara ni. Ó fún un ní ẹ̀ṣẹ́ kan lẹ́nu, eyín iwájú méjì sì bọ́ sórí tábìlì, wọ́n yí lọ bá bírò. Ládòkun nu ọwọ́ rẹ̀ mọ́ ṣòkòtò, ó sì fi ọwọ́ kan náà tọwọ́ bọ̀wé.

Bí ó ṣe kó wọ ilé náà nìyẹn, òun àti Yétúndé ìyàwó rẹ̀, tí ó jẹ́ nọ́ọ̀sì, pẹ̀lú Treasure ọmọ wọn. Ẹ má jẹ̀ẹ́ kí n tan yín, ọkùnrin náà ṣiṣẹ́. Kò sí ẹni tí ó hun aṣọ tó o ní gbogbo Ìsẹ́yìn láàárín ọdún wọ̀nyẹn. Ṣùgbọ́n bí oṣù bá ti ń parí lọ, kí oníkálukú yáa gba ọ̀nà ẹ̀yìn ilé rẹ̀ kọjá. Ó so oníbàárà kan láti Ṣakí mọ́ igi òfì nítorí owó aṣọ, ó sì ń fi okùn nà án títí àwọn ará ilé rẹ̀ fi mú owó dé. Owó oṣù Yétúndé pàápàá, inú ilé náà ni ó ń lọ. Oṣù kan tí obìnrin náà yọ díẹ̀ níbẹ̀ ra oògùn ibà fún Treasure, Ládòkun fi bẹ́líìtì bó awọ ẹ̀yìn rẹ̀. Ọjọ́ kejì, Yétúndé wọ aṣọ funfun iṣẹ́ rẹ̀ lé ojú egbò, ó sì lọ tọ́jú àwọn aláìsàn ẹlòmíràn.

Nígbà tí ó pé ọdún mẹ́fà àti oṣù kan, Ládòkun ro owó tí ó ti san pọ̀. Ó ti lé ní mílíọ̀nù mẹ́rin ààbọ̀. Ó pa àgbò. Ó dúró sí ẹnu ọ̀nà ilé náà, ẹ̀jẹ̀ àgbò ń ṣàn lẹ́sẹ̀ rẹ̀, ó sì pariwo kí àdúgbò lè gbọ́ pé, "Láti òní lọ, kò sí ọmọ tí ìyá rẹ̀ bí tí ó lè sọ fún mi pé ilé yìí kì í ṣe tèmi!"

Kò san kọ́bọ̀ mọ́ láti ọjọ́ náà.

Lẹ́tà dé. Ó fi fún iná. Òmíràn dé. Treasure, tí ó ti tó ọmọ ọdún méjìlá, gbìyànjú láti kà á fún un. "Bàbá, wọ́n ní ó ṣì ku..." Kò kà á tán tí ìfọ́tí fi gbé e lọ sí ìdí ògiri. Yétúndé ní, "Bàbá Treasure, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí á lọ bi wọ́n." Ó ní bí ó bá tún dárúkọ báńkì nínú ilé yìí, òun yóò fa ahọ́n rẹ̀ yọ. Ìwé ilé ẹjọ́ dé, òun náà tẹ̀lé àwọn yòókù wọ iná. Oṣù mẹ́wàá kọjá báyìí.

Ó wá di ọjọ́ Ẹtì kan, bí agogo mẹ́wàá òwúrọ̀. Ládòkun wà nídìí òfì tí ó gbọ́ ariwo Treasure. Ó yọjú síta, ó sì bá Adétúnjí lójúde pẹ̀lú òṣìṣẹ́ ilé ẹjọ́ kan àti kunlékunlé tí ó gbé garawa ọ̀dà pupa dání. Wọ́n ti ń kọ ọ́ sára ògiri ilé rẹ̀, gàdàgbà gàdàgbà, pé ilé ẹjọ́ ti gba ilé náà lọ́wọ́ rẹ̀.

Adétúnjí dọ̀bálẹ̀. "Ẹ má bínú, bàbá. Iṣẹ́ tí wọ́n rán mi ni."

Kò tíì dìde kúrò nílẹ̀ tí Ládòkun fi fa igi kan yọ lára òfì. Igi àkọ́kọ́ bà á ní àgbọ̀n, a sì gbọ́ bí egungun ṣe ṣẹ́. Ìkejì bà á ní ẹ̀gbẹ́. Òṣìṣẹ́ ilé ẹjọ́ bẹ́ sórí ọ̀kadà, kunlékunlé bẹ́ sínú igbó, garawa ọ̀dà sì dojú dé. Ládòkun gun orí ọmọkùnrin náà, ó ń gbá ojú rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó ń bi í pé, "Ta ni yóò kó ẹrù ta ni síta? Dá mi lóhùn!" Ẹnu tí yóò fi dá a lóhùn ti kún fún ẹ̀jẹ̀. Ọ̀dà pupa ṣàn dé ibẹ̀, ó pa pọ̀ mọ́ ẹ̀jẹ̀, ojú kò mọ èwo ni èwo mọ́.

Yétúndé sáré wá, ó sì fi apá méjèèjì di ọkọ rẹ̀ lẹ́yìn. "Ẹ ó pa ọmọ ọlọ́mọ!" Ládòkun jù ú nù láìwo ẹ̀yìn. Obìnrin náà fi apá gbá etí àkàsọ̀, apá òsì sì kán sí méjì, egungun yọrí síta. Treasure rí i. Ariwo tí ọmọ náà ké ni àwọn ará àdúgbò gbọ́ tí wọ́n fi jáde.

Àwọn ọlọ́pàá gbé Ládòkun lọ. Ọjọ́ mẹ́sàn-án ni ó lò ní àtìmọ́lé, àwọn tí ó bá níbẹ̀ sì fi hàn án pé ọwọ́ tí ó le ju tirẹ̀ lọ wà láyé. Wọ́n ṣẹ́ ẹ ní egungun ìhà méjì nítorí pé kò fẹ́ gbé garawa ìgbẹ́. Àwọn ọ̀rẹ́ tí wọ́n bá a jẹ àgbò, kò rí ẹnì kan nínú wọn. Ẹni tí ó wá fi ìwé ilẹ̀ oko rẹ̀ dúró fún un ni Oyèlékè, tí ń sọ̀rọ̀ pẹ̀lú àlàfo níwájú ẹnu.

Wọ́n jókòó sórí pákó níta àgọ́ ọlọ́pàá. Ládòkun kò dúpẹ́. Ohun tí ó sọ ni pé, "Mo san mílíọ̀nù mẹ́rin ààbọ̀ fún wọn. Olè ni wọ́n."

"O san án, kò sí ẹni tí ó jiyàn rẹ̀. Ṣùgbọ́n Yétúndé ti fi ìwé ilé náà hàn mí." Oyèlékè mú bírò, ó yí ìwé ìdúró náà sẹ́yìn. "Wo ibí. Oṣù àkọ́kọ́, o mú ẹgbẹ̀rún méjìlélọ́gọ́ta lọ. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọgọ́ta ni wọ́n mú fún èlé. Ẹgbẹ̀rún méjì ni ó kan ojú owó, ìyẹn owó tí o yá gan-an."

"Méjì?"

"Ẹgbẹ̀rún méjì. Lóṣù kejì, wọ́n tún ṣírò èlé lórí gbogbo èyí tí ó kù. Báyìí báyìí ni ó ń lọ. Àwìn òwú kọ́ ni, Ládòkun. Ti olówùú, èrè ẹ̀ẹ̀kan ni. Tiwọn, oṣooṣù ni èlé ń bímọ. Ní gbogbo ọdún mẹ́fà yẹn, ohun tí o gé kúrò lára mílíọ̀nù mẹ́rin náà kò pé ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọ̀ọ́dúnrún."

Ládòkun fa ìwé náà sọ́dọ̀ ara rẹ̀.

"Bí o bá sì san án dé òpin, ilé mílíọ̀nù mẹ́rin á ti gba ohun tí ó lé ní mílíọ̀nù mẹ́rìnlá lọ́wọ́ rẹ. Inú ìwé ni ó wà. Mo fẹ́ bá ọ kà á nígbà náà. Ní báyìí tí o dáwọ́ dúró fún oṣù mẹ́wàá, èlé ti gun orí èlé. Gbèsè rẹ lónìí ju iye tí o yá lọ́jọ́ àkọ́kọ́ lọ."

Láyé àwọn baba wa, ẹni tí ó bá yáwó lè fi ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà. Iṣẹ́ tí ọmọ náà bá ṣe lóko olówó, èlé ni, kò kan ojú owó. Ó lè roko títí irun yóò fi funfun lórí rẹ̀, kí gbèsè náà ṣì dúró bí wọ́n ṣe yá a. Ládòkun mọ ìtàn yìí, nítorí bàbá bàbá rẹ̀ ṣe é rí. Ó dìde. Ojú rẹ̀ ti yí padà.

"Ìwọ̀fà ni wọ́n fi mí ṣe," ni ó wí. "Ọmọ yẹn dọ̀bálẹ̀ fún mi, ó sì fi mí ṣe ìwọ̀fà."

Oyèlékè dì í mú, ó já ara rẹ̀ gbà. Ó gba ilé kọjá, ó mú àdá tí ó fi ń ṣán oko, ó sì gun ọ̀kadà, ó di Ìpapó.

Òrùn ti dé àtàrí nígbà tí ó dé ilé wọn. Adétúnjí wà lábẹ́ igi níwájú ilé, wọ́n fi wáyà di eyín òkè mọ́ tìsàlẹ̀ fún un, ìyá rẹ̀ sì ń fi ṣíbí kékeré bu ògì sí i ní ẹ̀gbẹ́ ẹnu bí ọmọ ọwọ́. Ìyá náà rí àdá kó tó rí ẹni tí ó mú un. Ó kígbe. Ọmọ rẹ̀ fẹ́ dìde, ìhà rẹ̀ tí ó fọ́ kò jẹ́. Ládòkun gbé àdá sókè, ó sì sọ̀ ọ́ kalẹ̀ pẹ̀lú gbogbo agbára rẹ̀.

Oyèlékè ti gun ọ̀kadà tẹ̀lé e. Bí àdá ti ń bọ̀ ni ó bọ́ sáàárín, ó na ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ sókè. Àdá tí ó yẹ kí ó bọ́ sí ọrùn Adétúnjí gba orí ọwọ́ náà kọjá. Ìka mẹ́rin ni ó gé bọ́ sínú ògì.

Àdá bọ́ lọ́wọ́ Ládòkun. Kò tíì mọ ohun tí ó ṣe tí àwọn ará ìlú fi dé, nítorí igbe obìnrin náà ti dé ọjà. Òkúta àkọ́kọ́ bà á nípàkọ́. Kùmọ̀ bà á lórúnkún, ó wó lulẹ̀. Wọ́n ń tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, wọ́n ń wọ́ ọ, ẹnì kan ti yí táyà wá, ẹnì kan gbé gálọ́ọ̀nù bẹntiróò. "Ẹ dáná sun ún! Apànìyàn ni!" Wọ́n ti táyà bọ̀ ọ́ lọ́rùn. Bẹntiróò ṣàn wọ ojú rẹ̀, ó ta á. Nígbà náà ni ẹ̀rù ikú ba Ládòkun, ó sì ké bí ọmọdé. Kò rí nǹkan kan sọ fún Ọlọ́run. Ó rántí gbogbo owó ìkórè tí ó ti dá, kò sì rí èyí tí ó lè nawọ́ mú nínú wọn.

Ohun tí ó rí ni pé ara kan wó lé òun lórí. Oyèlékè ni. Ó fi gbogbo ara bò ó, ẹ̀jẹ̀ ọwọ́ rẹ̀ ń ṣàn sí Ládòkun lọ́rùn. Òkúta tí wọ́n jù ń ba Oyèlékè lẹ́yìn, kò kúrò.

"Èmi ni ó ṣá!" ni ó ń kígbe. "Bí ó bá jẹ́ ẹ̀jẹ̀ ni ẹ ń gbẹ̀san rẹ̀, tèmi ni ẹ̀jẹ̀ náà! Mo ti fi jì í! Ẹ gbọ́, mo ti fi jì í!"

"Kúrò lórí rẹ̀, ọ̀gbẹ́ni! Ṣé o fẹ́ bá a jóná ni?"

Oyèlékè tún dì í mú ṣinṣin. Ẹni tí ó mú ìṣáná ti ṣá a. Ìyá Adétúnjí ni ó fò mọ́ ọn, ó gbá iná náà bọ́ sílẹ̀, ó sì fi ẹsẹ̀ pa á. "Ẹni tí ó gba ọmọ mi lọ́wọ́ ikú ló wà lókè rẹ̀ yẹn! Bí ẹ ó bá sun ún, ẹ kọ́kọ́ sun èmi!" Àwọn èèyàn náà wo obìnrin náà, wọ́n wo ọmọ rẹ̀ tí ń sunkún pẹ̀lú ẹnu dídì. Ọwọ́ wọn rọ. Wọ́n tú ká lọ́kọ̀ọ̀kan.

Ilé ìwòsàn ni wọ́n gbé àwọn méjèèjì lọ, ní Ìsẹ́yìn. Wọ́n fi ẹ̀wọ̀n ọwọ́ de Ládòkun mọ́ bẹ́ẹ̀dì, Oyèlékè wà lórí èyí tí ó kàn án. Ní ọ̀sán ọjọ́ kejì, Yétúndé wọlé, apá rẹ̀ wà nínú símẹ́ǹtì funfun tí wọ́n fi ń di egungun. Kò jókòó ti ọkọ rẹ̀. Ó dúró lẹ́sẹ̀ bẹ́ẹ̀dì.

"Ìka mẹ́rin ni," ni ó wí. "Wọn ò lè rán an padà. Kò ní í lè hun aṣọ mọ́ láyé rẹ̀." Ó sì jáde lọ.

Ládòkun yíjú sí ọ̀rẹ́ rẹ̀. Ẹkún kò jẹ́ kí ó sọ̀rọ̀ bọ̀rọ̀. "Oyèlékè, mo máa san án. Gbogbo aṣọ tí mo bá hun láti òní lọ, tìẹ ni. Títí n óò fi kú, tìẹ ni."

"Lọ́jọ́ tí o bá wá kú, ṣé ìka mi á ti hù?"

Ládòkun wo ọwọ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀ tí wọ́n fi aṣọ wé.

"Ládòkun, bí o bá hun aṣọ fún mi fún ogójì ọdún, èlé lásán ni wàá máa san. Ojú gbèsè á ṣì wà níbi tí ó wà. O kò lè san án. Nítorí náà ni mo ṣe fi jì ọ́. Má sì rò pé kò ná ẹnikẹ́ni ní nǹkan kan o. Ó ná mi. Èmi ni mo san án, kí ìwọ má bàa san án."

Ó mí kanlẹ̀, nítorí ìrora, kí ó tó máa bá ọ̀rọ̀ lọ. "Bí ó ṣe rí láàárín ìwọ àti Ọlọ́run náà nìyẹn. Owó ìkórè rẹ, èlé ni. Iṣẹ́ rere rẹ, èlé ni. Ẹ̀jẹ̀ tí o ti ta sílẹ̀, ẹ̀yìn Yétúndé, ojú Treasure, àgbọ̀n ọmọ ọlọ́mọ, gbogbo rẹ̀ ni ojú gbèsè, o kò sì tíì fọwọ́ kàn án rárá. Jésù bọ́ sáàárín. Ó wó lé ọ lórí, wọ́n sì nà án dípò rẹ. Wọ́n kan ọwọ́ rẹ̀ mọ́ igi. Nígbà tí ó fi máa kú, ó ti san án tán, àti ojú owó, àti èlé. Ṣé wàá gbà á ni, àbí wàá tún jù ú sínú iná bí o ti ń ju lẹ́tà síná?"

Ládòkun kò lè kúnlẹ̀, nítorí ẹ̀wọ̀n ọwọ́. Ó dojú bo ìrọ̀rí. Ohun tí ó sọ kò gùn. "Ọlọ́run, èmi ni mo jẹ̀bi. Mi ò ní nǹkan kan tí mo lè san. Nítorí Jésù, dárí jì mí." Ó ń sọ ọ́, ó ń sunkún, títí àwọn aláìsàn yòókù fi bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún pẹ̀lú rẹ̀, tí wọn kò mọ ohun tí wọ́n ń sunkún sí.

N kò ní í purọ́ fún yín pé gbogbo nǹkan padà bọ̀ sípò. Adájọ́ bi í, ó sì sọ òtítọ́, wọ́n rán an lẹ́wọ̀n oṣù méjìdínlógún. Kí ó tó lọ, ó ránṣẹ́ sí Adétúnjí, ó tọrọ àforíjì, ó sì ní kí wọ́n fi kọ́kọ́rọ́ ilé lé báńkì lọ́wọ́ láìsí ìjà. Wọ́n ta ilé náà. Nígbà tí wọ́n yọ gbèsè àti owó ẹjọ́, ohun tí ó kù kò tó owó yàrá méjì fún ọdún kan. Yétúndé gba yàrá tirẹ̀, òun àti Treasure. Nígbà tí Ládòkun ti ẹ̀wọ̀n dé, obìnrin náà wò ó fún ọdún kan gbáko kí ó tó gbà kí ó wọlé, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Láàárín ọdún náà, ẹnikẹ́ni kò rí i kí ó gbọ́wọ́ sókè sí ẹ̀dá kan. Ó ń lọ sí ilé Oyèlékè láràárọ̀, Oyèlékè á máa pe bátànì aṣọ, òun á máa hun ún.

Wàyí o, ìwọ tí o ń ka ìwé yìí ńkọ́?

Bí o bá fẹ́ yáwó ra ilé, mo bẹ̀ ọ́, má fi "Èló lóṣù?" mọ. Ní kí wọ́n ro gbogbo rẹ̀ pọ̀ fún ọ dé ọjọ́ ìkẹyìn, kí o sì jẹ́ kí ẹni tí ó mọ̀wé bá ọ kà á. Ṣùgbọ́n jẹ́ kí n bi ọ́ léyìí tí ó ju ilé lọ. Ẹ̀ṣẹ̀ tí o ń dá, o mọ ohun tí ó ń gbà lọ́wọ́ rẹ lóṣooṣù. Ǹjẹ́ o ti bi ara rẹ léèrè iye tí yóò gbà lọ́jọ́ ìkẹyìn? Bóyá ọwọ́ tìẹ kì í luni. Bóyá ahọ́n rẹ ni, tàbí ojú rẹ, tàbí ohun tí ìwọ nìkan mọ̀. Bóyá ìwọ náà ń dá owó ìkórè, tí o sì rò pé o ti ń san án díẹ̀díẹ̀.

O kò tíì san nǹkan kan níbẹ̀, ọ̀rẹ́ mi. O kò sì lè san án. Ẹnì kan ti san án, ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ni ó fi san án, kò sì ní kí o mú ohunkóhun wá ju ọkàn tí ó gbà pé òun jẹ̀bi lọ.

Má sọ pé ó di ọ̀la. Ládòkun kò mọ̀ lówùúrọ̀ ọjọ́ náà pé táyà yóò wà lọ́rùn òun lọ́sàn-án. Ibi tí o jókòó sí yẹn tó o. Pa ìwé yìí dé, pe orúkọ Jésù, kí o sọ fún un pé o kò ní ohun tí o lè san. Ó ń gbọ́. Sọ fún un nísinsìnyí.